Ìwẹ̀ Ìkẹyìn Alájárọ̀

Omi kẹta ni Lásísì ń dà sára ọba nígbà tí ọwọ́ rẹ̀ kan okùn.

Abẹ́ aṣọ ni ọwọ́ náà wà. Aṣọ funfun kan bo òkú náà láti ìdodo dé orúnkún, bí ẹ̀sìn ti là á sílẹ̀, ẹni tí ń wẹ òkú kì í sì í ṣí i wò. Ọwọ́ ni í fi ríran níbẹ̀. Lásísì ti wé aṣọ mọ́ ọwọ́ òsì rẹ̀, ó ń wá èdìdì omi ní ìbàdí ọba, níbi tí gbogbo Àjárọ̀ mọ̀ pé ó wà. Wọ́n ti sọ fún un pé yóò kan ohun líle kan nínú ẹran ara, tí kò tóbi ju hóró ẹ̀gúsí lọ. Wọ́n fún un ní ọ̀bẹ tín-ínrín kan tí yóò fi là á jáde. Kò kan ohun líle kankan nínú ẹran ara. Okùn ni ó kàn, okùn awọ, tí a so yí ìbàdí ká.

Ó dúró. Apá irin méjì tí ó di òkú náà mú ní ẹ̀gbẹ́ dúró pẹ̀lú rẹ̀. Wọn kì í mira àfi bí ó bá bá wọn sọ̀rọ̀. Ọba ló ní kí wọ́n gbé wọn wá sí ilé ìwẹ̀kú ní ọdún mẹ́jọ sẹ́yìn, nígbà tí ó gbọ́ pé ẹ̀yìn ń dun Lásísì. Kò ránṣẹ́, kò sọ pé òun fi ta á lọ́rẹ. Lásísì kàn dé ibi iṣẹ́ lọ́jọ́ kan, ó bá apá irin lára ògiri.

Òsùwọ̀n omi fi hàn pé ó ku mẹ́sàn-án. Ìwọ̀n méjìlá ni òfin fún òkú kọ̀ọ̀kan ní Àjárọ̀, ìbáà ṣe olóyè, ìbáà ṣe alágbàro. Ọba Gbàdàmọ́sí ló ṣe òfin náà. Méjìlá náà ni wọ́n wọ̀n fún òun náà.

Ẹnìkan kan ilẹ̀kùn.

"Bàbá, ṣé ó ti jáde?"

Kúdírátù ni, Olùtọ́jú Omi ìlú, obìnrin àkọ́kọ́ tí ọba fi jókòó láàárín àwọn olóyè. Ẹni ogójì ọdún ni. Obìnrin tí kì í ṣe aya òkú kò lè wọlé níbi tí a ti ń wẹ ọkùnrin, nítorí náà láti àárọ̀ ni ó ti dúró lẹ́yìn ilẹ̀kùn. Kò rojọ́. Oṣù tuntun yóò lé ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. Bí èdìdì kò bá dé ẹnu ọ̀nà àgbá omi abẹ́ òkè kí wọ́n tó pe ìrun Àlàásárì, ilẹ̀kùn àgbá yóò ti ara rẹ̀, kò sì sí ọwọ́ tí yóò ṣí i mọ́. Bí ọba ṣe kọ́ ọ nìyẹn, kí ẹnikẹ́ni má baà fi agbára gba omi ìlú. Oṣooṣù fún ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ni ó fi ń rìn lọ síbẹ̀ fúnra rẹ̀, tí yóò fi ìbàdí òsì ti ilẹ̀kùn irin, tí omi yóò sì dún. Àwọn ọmọdé a máa sín in jẹ ní òpópónà.

Lásísì dáhùn pé kò tíì jáde.

"Oòrùn ti kọjá orí o, Bàbá."

"Mo mọ̀."

Ó fi ìka tọ okùn náà lọ títí ó fi dé ibi tí ohun kan rọ̀ mọ́ ọn. Ó mọ ohun tí ó jẹ́ kí ó tó fà á yọ. Ọmọ onítírà ni òun fúnra rẹ̀.

Ó fi ọ̀bẹ tín-ínrín náà gé okùn, ó fa ohun náà jáde, ó gbé e sí àtẹ́lẹwọ́. Tírà ni. Awọ dúdú, kò ju àtàǹpàkò lọ, òógùn ọdún púpọ̀ ti jẹ ẹ́ mọ́ra. Ó wẹ̀ ẹ́ nínú ẹ̀kán omi kan, kò sì mọ ìdí tí òun fi wẹ̀ ẹ́.

Ní Àjárọ̀, ọmọ ọgbọ̀n ọdún kò rí tírà rí. Ọdún tí ọba pé ọdún méje lórí ìtẹ́ ni ó ní kí gbogbo ìlú kó tiwọn wá sí àgbàlá mọ́ṣáláṣí. Ó ní Ọlọ́run nìkan ṣoṣo ni aláàbò, pé ẹ̀rọ àti ọwọ́ wọn ni Ó fún wọn láti fi ṣe ìyókù. Ọjọ́ mẹ́ta ni iná fi jó. Lẹ́yìn èyí, ẹni tí a bá bá tírà lára rẹ̀ yóò gbá òpópónà fún oṣù kan. Ti olóyè kò mọ níbẹ̀: a ó gba oyè, a ó pa orúkọ rẹ̀ rẹ́ nínú ìwé ìlú, gbogbo ohun tí ó fi oyè náà ṣe yóò sì di òfo, bí ẹni pé kò jẹ ẹ́ rí. Ẹ̀gbọ́n Ọ̀jọmu tí ó wà lórí oyè nísinsìnyí, olóyè tí ìdílé rẹ̀ ń fi orò àtijọ́ sin ọba, ni òfin náà kọ́kọ́ mú. Ọba sì ni olórí olóyè.

Lásísì gbé tírà náà sí abẹ́ iná. Ó wo ojú rírán rẹ̀.

Òwú méjì ni, ọ̀kan dúdú, ọ̀kan pupa rúsúrúsú, wọ́n ń kọjá lórí ara wọn, ìdí kókó náà sì fara pamọ́ sábẹ́ ìṣẹ́po awọ. Ẹnì kan péré ló ń rán an bẹ́ẹ̀ ní Àjárọ̀. Alfa Búsàrí, bàbá rẹ̀.

Ó jókòó sórí àpótí onígi tí ó máa ń jókòó lé bí ẹ̀yìn bá ń dùn ún.

Ó rántí ọjọ́ tí wọ́n rán an. Ọmọ ọdún méje ni wọ́n, àwọn mẹ́ta: òun, Gbàdàmọ́sí ọmọ ọba, àti Ṣọ́kàn tí ó padà di Ọ̀jọmu. Àrùn kan ń pa ọmọdé lọ́dún náà. Bàbá rẹ̀ tẹ́ ẹní, ó kọ, ó ká, ó rán, mẹ́ta ní ìjókòó kan, ó so wọ́n mọ́ wọn ní ìbàdí lọ́kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí iná dé, Lásísì ju tirẹ̀ sínú rẹ̀ lójú bàbá rẹ̀. Ṣọ́kàn náà jù tirẹ̀. Kò sí ẹni tí ó wo ọwọ́ ọba lọ́jọ́ náà. Ta ni yóò wò ó? Òun ló dáná.

Apá kan lára rírán náà yàtọ̀. Ó sún mọ́ iná sí i. Wọ́n ti tú ẹ̀gbẹ́ kan rí, wọ́n sì ti tún un rán. Òwú náà kò gbó tó ti ìyókù. Ọwọ́ kan náà ló rán an.

Ó tú u. Bébà kékeré kan wà nínú rẹ̀ tí ó ti di ìyẹ̀fun ní etí, pẹ̀lú ìkọ̀wé bàbá rẹ̀. Ohun tí a ká a mọ́ jẹ́ funfun, ó ń dán, ó sì tutù ju omi lọ. Èdìdì.

Nígbà náà ni ó mọ̀ pé ọba kò jẹ́ kí wọ́n la òun lára rí. Oníṣègùn wá, òótọ́ ni, gbogbo ìlú sì rí i tí ó wọlé tí ó jáde. Ṣùgbọ́n Alfa Búsàrí ni wọ́n gbé èdìdì fún. Òun ló tú tírà, tí ó fi í sí i, tí ó tún un rán, lẹ́yìn tí òfin ti dé, lẹ́yìn tí iná ti kú.



Kì í ṣe nítorí pé bàbá rẹ̀ ń rán tírà ni wọ́n ṣe lé e lọ. Ó ti jẹ́wọ́ ìyẹn, wọ́n sì ti ní kí ó lọ gbálẹ̀. Ìbéèrè kan tí ó tẹ̀ lé e ni kò dáhùn. Wọ́n bi í níwájú Ẹlẹ́rìí, ẹ̀rọ tí ń ya òótọ́ sọ́tọ̀ kúrò lára irọ́, pé ta ni ẹni ìkẹyìn tí ó rán tírà fún. Ó dákẹ́. Ẹni tí ó bá dákẹ́ níwájú Ẹlẹ́rìí, a ó yọ orúkọ rẹ̀ kúrò nínú omi, ẹ̀rọ omi ìlú kò sì ní dá a lóhùn mọ́. Òfin náà kúrú, kò sì ní ẹ̀ka. Alfa Búsàrí ká ẹní, ó mú kẹ́tùlù àlùwàlá, ó gba orí afárá kọjá sí Ọ̀gbàrà, ìlú tí ó wà lódìkejì. Lásísì tẹ̀ lé e dé àárín afárá, ó ń bínú, ó ń wí pé orúkọ kan péré ni, Bàbá, orúkọ kan péré. Bàbá rẹ̀ ní, "Mo ti gbọ́." Ọdún kejì ni ó kú níbẹ̀. Láti Àjárọ̀, ọba fi ìwọ̀n omi méjìlá ránṣẹ́ kí wọ́n fi wẹ̀ ẹ́. Lásísì rò nígbà náà pé àánú ni.

Lórí ìtẹ́ ni ọba wà lọ́jọ́ tí wọ́n bi bàbá rẹ̀. Òun náà dákẹ́. Kò sẹ́ni tí ó bi í.

Kúdírátù tún kan ilẹ̀kùn. Ó ní Ọ̀jọmu ti dé, ó sì ti ní kí wọ́n gbé Ẹlẹ́rìí wá sí àgbàlá. Òfin fún un ní ìbéèrè kan níbi òkú ọba, ó sì fẹ́ bèèrè.

"Kí ló ń kánjú sí?" ni Lásísì wí.

"Òun kọ́ ló ń kánjú. Ó ní ọba tí kò ní sùúrù lójú ayé, kí ó wá ní in báyìí." Ó sún mọ́ ilẹ̀kùn. "Bàbá, bí àléébù kankan bá wà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ n mọ̀ kí òun tó mọ̀. Bí wọ́n bá pa orúkọ ọba rẹ́, omi ti padà sọ́wọ́ àdúgbò nìyẹn. Ẹ̀yin lẹ mọ ọdún Kànga jù mí lọ."

Ó mọ̀ ọ́n. Ọdún náà, àdúgbò mẹ́rin jà lórí kànga kan, òkú mẹ́tàlélógójì ni wọ́n tò sí àgbàlá mọ́ṣáláṣí, kò sì sí omi láti fi wẹ̀ wọ́n. Iyẹ̀pẹ̀ ni wọ́n fi ṣe àlùwàlá fún wọn. Ọdún tí ó tẹ̀ lé e ni Gbàdàmọ́sí jọba. Ó dí kànga. Ó ta àwọ̀n ìrì sórí gbogbo òrùlé. Ó bẹ́ igbó ẹ̀yìn ààfin tí wọ́n ti ń ṣorò ọba, ó gbin dígí oòrùn síbẹ̀, àwọn Ọ̀jọmu kò sì bá a sọ̀rọ̀ fún ọdún mẹ́ta nítorí igbó náà. Ó gbẹ́ àgbá abẹ́ òkè. Ó ní kí ẹnikẹ́ni má dọ̀bálẹ̀ fún òun mọ́, pé kí wọ́n dìde lọ tún òrùlé ṣe. Ó fẹ́ ìyàwó kan ṣoṣo. Ó ń kírun lẹ́sẹ̀ márùn-ún, ó sì ń ka ìwé ẹ̀rọ láàárín wọn.

"Kò sí àléébù tí mo fẹ́ sọ," ni Lásísì wí.

Ó dìde, ó sì padà sídìí iṣẹ́. Ó sọ fún apá irin kí wọ́n yí ọba sí ọ̀tún. Ó da omi kẹrin, ó da ìkarùn-ún. Ọwọ́ rẹ̀ mọ iṣẹ́ náà, ó jẹ́ kí ọkàn rẹ̀ lọ síbi tí ó ń lọ.

Bí ó bá gbé tírà náà jáde, òfin tírà yóò ṣubú pẹ̀lú ẹni tí ó ṣe é. Gbogbo ẹni tí ó ti ipasẹ̀ rẹ̀ lọ yóò padà sínú ìwé. Orúkọ Alfa Búsàrí yóò padà. Wọ́n lè gbé egungun rẹ̀ kọjá afárá wá sílé. Ẹ̀ẹ̀mejì ni Lásísì ti lọ bá ọba lórí èyí, ẹ̀ẹ̀mejì ni ọba sì sọ pé òfin ni, tí ó sì wojú ilẹ̀. Nísinsìnyí ohun tí ó ń tọrọ wà ní àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀. Àmọ́ Ọ̀jọmu yóò gba òkú lọ fún orò àtijọ́ ìdílé rẹ̀, àdúgbò mẹ́rin yóò sì pín àgbá.

Ohun mìíràn tún wà. Ọjọ́ tí ó gba iṣẹ́ náà, ìmáàmù ní kí ó sọ ọ́ lẹ́nu ara rẹ̀: ohun tí mo bá rí lára òkú, èmi àti òkú ni. Ọgbọ̀n ọdún ni ó ti ń rí nǹkan. Ó ti rí gbajúmọ̀ tí àwọ̀tẹ́lẹ̀ rẹ̀ jẹ́ kìkì àkísà. Ó ti rí oníwàásù tí orúkọ obìnrin wà lára rẹ̀ ní abẹ́ apá. Kò sọ fún ìyàwó rẹ̀ títí obìnrin náà fi kú. Ó máa ń rò pé tirẹ̀ ni ìwà náà. Ó wá rí i lónìí pé ó jogún rẹ̀.

Ó tán omi kejìlá. Ó nu òkú náà gbẹ, ó fi lọ́fínńdà sí iwájú orí, sí imú, sí àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì, sí orúnkún, sí ẹsẹ̀. Ó wé e ní aṣọ mẹ́ta. Ó so orí, ó so àárín, ó so ẹsẹ̀. Ó ju kànìnkànìn àti ìyókù ọṣẹ sínú garawa lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Ó da bébà náà sínú omi títí ìkọ̀wé fi yòrò. Ó ju awọ náà sínú garawa lé wọn lórí. Kò sẹ́ni tí ń fọwọ́ kan ohun tí a fi wẹ òkú, àfi ẹni tí ó wẹ̀ ẹ́. Òun náà ni í gbẹ́ ihò lẹ́yìn ilé ní ọjọ́ kejì, tí í sì bò wọ́n mọ́lẹ̀.

Ó ṣí ilẹ̀kùn.

Kúdírátù na aṣọ funfun kékeré kan sí i, Lásísì sì fi èdìdì sí i. Obìnrin náà wò ó fínnífínní. Kò sí ẹ̀jẹ̀ lára rẹ̀. Ó gbé ojú sókè wo Lásísì, ó sì tún gbé e sílẹ̀. Ó fi èdìdì kan àpótí kékeré tí ó so mọ́ ìgbànú. Lábẹ́ òkè lọ́hùn-ún, ilẹ̀kùn àgbá dún lẹ́ẹ̀kan, bí ìgbà tí màlúù bá kùn lójú oorun.

"Ó dáhùn," ni ó wí. Ó gbé èdìdì náà fún ọmọọṣẹ́ rẹ̀ kan tí ó ti jókòó sórí kẹ̀kẹ́, ẹni náà sì lọ.

Wọ́n gbé ọba jáde. Àgbàlá mọ́ṣáláṣí kún lábẹ́ àwọ̀n ìrì. Ẹlẹ́rìí wà láàárín, àpótí funfun kan tí kò ga ju ìjókòó ọmọdé lọ, pẹ̀lú iná kan ṣoṣo níwájú. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ nìkan ló ń gbọ́. Ó ń gbọ́ bí ẹ̀jẹ̀ ṣe ń lọ nínú ohùn. Bí ọ̀rọ̀ bá jẹ́ òótọ́, iná a funfun. Bí ó bá jẹ́ irọ́, a pọ́n. Kò tíì ṣì í rí, tàbí kí ó jẹ́ pé kò sí ẹni tí ó lè fi hàn pé ó ṣì í.

Kúdírátù bèèrè ìbéèrè méjì tí òfin ní kí ó bèèrè.

"Ṣé ẹ̀yin nìkan lẹ wẹ ọba?"

"Èmi nìkan ni."

Iná funfun.

"Ṣé lára rẹ̀ lẹ ti mú èdìdì náà?"

"Lára rẹ̀ ni."

Iná funfun.

Ọ̀jọmu kò dìde lórí àga rẹ̀. Ẹsẹ̀ ń dùn ún, gbogbo ìlú sì mọ̀ pé kò jẹ́ kí wọ́n fi ẹ̀rọ sí orúnkún òun, nítorí ọba ló mú ẹ̀rọ náà wá. Ó wo Lásísì bí ẹni ń wo ọ̀nà oko tí ó ti rìn lọ́mọdé.

"Àlàó," ni ó wí, oríkì tí kò pe Lásísì láti bí ogún ọdún. "Bàbá rẹ rán mẹ́ta lọ́jọ́ náà. Tèmi jóná níbí. Tìrẹ jóná níbí. Mi ò rí ibi tí ẹ̀kẹta gbé jóná." Ó fi ọ̀pá kan ilẹ̀. "Ìbéèrè mi nìyí. Ṣé o rí tírà lára Gbàdàmọ́sí?"

Àwọn ènìyàn kùn, nítorí pé ó pe ọba lórúkọ ní gbangba.

Lásísì kò dáhùn. Ẹlẹ́rìí dúró fún ìṣẹ́jú kan, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kà. Ó ń ka iye dé ọgbọ̀n. Ohùn ọba ni ó fi ń kà á, nítorí ọba ló yá a ní ohùn nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ gbé e dé, nígbà tí ó wà ní ọ̀dọ́. Ohùn náà kò gbó rárá. Ení, ni ó wí. Èjì. Ẹ̀ta.

Ní ìkejìlá, Kúdírátù sún mọ́ ọn. "Bàbá, ẹ sọ̀rọ̀. Ohunkóhun."

Ó wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀ tí omi kò tíì gbẹ níbẹ̀.

Ní ogún, Ọ̀jọmu rẹ́rìn-ín díẹ̀. "Sọ pé rárá, kí a lọ sin òkú, Àlàó. Ṣé rárá náà wúwo tó bẹ́ẹ̀ ni?"

Ẹnì kan rẹ́rìn-ín lẹ́yìn. Ẹnì kan ní kí ó panu mọ́.

Ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Lásísì rí i pé òun dúró síbi tí bàbá òun dúró sí gan-an. Òkúta pẹlẹbẹ kan wà níbẹ̀ tí ó ní ìlà. Ó rántí pé bàbá òun náà ń wo ilẹ̀. Ó ti rò fún ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n pé ìtìjú ni.

Ọgbọ̀n, ni ohùn ọba wí. Iná kú.

"Ó ti dáhùn," ni Ọ̀jọmu wí. Ó na ọwọ́ sí òkú. "Ẹni tí kò rí nǹkan kì í dákẹ́. Ẹ gbé e fún mi."

Kúdírátù kò gbé ohùn sókè. Ó mú ìwé òfin jáde, ìwé gidi, tí a fi ọwọ́ kọ, ó ṣí i. Ó ní ìdákẹ́ ẹnì kan kì í ṣe ẹ̀rí lára ẹlòmíràn, pé ẹni tí ó dákẹ́ nìkan ni yóò ru ẹrù ìdákẹ́ rẹ̀. Ó ní ọwọ́ ọba ló kọ ọ́. Ọ̀jọmu ní ìgbà wo. Ó ka ọjọ́ náà jáde.

Lásísì mọ ọjọ́ náà. Ọjọ́ kejì tí bàbá rẹ̀ kọjá afárá ni. Bóyá nítorí bàbá rẹ̀ ni ọba ṣe kọ ọ́, bóyá nítorí ara rẹ̀, kò lè mọ̀. Ẹni tí ó lè bi wà nínú aṣọ mẹ́ta níwájú rẹ̀.

 Ọ̀jọmu bọ́ bàtà, ó ní kí wọ́n ran òun lọ́wọ́ dìde, ó sì lọ tò sí ẹsẹ ìkẹyìn. Bí ó ti ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ Lásísì, ó ní, "Ìwọ àti bàbá rẹ." 

Ìmáàmù kírun. Wọ́n sin Ọba Gbàdàmọ́sí, Alájárọ̀, sí itẹ́ òkú ìlú láàárín àwọn ènìyàn rẹ̀, bí ó ti fẹ́, kí wọ́n tó pe Àlàásárì. Oṣù tuntun lé. Ilẹ̀kùn àgbá ṣí.

Lẹ́yìn ìrun àárọ̀ ọjọ́ kejì, Lásísì gbé àtẹ́lẹwọ́ lé ẹ̀rọ omi ẹnu ọ̀nà rẹ̀, ó sì sọ orúkọ rẹ̀. Omi kò jáde. Ó wọlé, ó ká ẹní, ó mú kẹ́tùlù àlùwàlá.

Kúdírátù bá a ní àárín afárá. Ojú obìnrin náà pọ́n. Òun ni òfin ní kí ó yọ orúkọ, òun ló sì yọ ọ́. Ó gbé ìgò omi kan lọ́wọ́, ìpín tirẹ̀ ti ọjọ́ náà.

"Ọ̀rọ̀ kan péré ni, Bàbá," ni ó wí. "Ọ̀rọ̀ kan péré ni wọ́n bèèrè lọ́wọ́ yín."

"Mo ti gbọ́," ni Lásísì wí.

Ó gba omi náà, ó ṣàdúrà fún un, ó sì ń lọ. Odò abẹ́ afárá ti gbẹ láti ìgbà èwe wọn. Lọ́hùn-ún, a lè rí òrùlé Ọ̀gbàrà, àti itẹ́ òkú tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Wọ́n wá ẹlòmíràn tí yóò máa wẹ òkú. Yàrá kejì ilé ìwẹ̀kú ni ẹni náà ń lò. Ní yàrá àkọ́kọ́, garawa náà ṣì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri: kànìnkànìn kan, ọṣẹ tí wọ́n lò dé ìdajì, àti awọ dúdú kan tí kò ju àtàǹpàkò lọ.